Adé Love: Láti Orí Ìtàgé dé Ẹ̀yìn Kámẹ́rà

Ìtàn Adéyẹmí Afọláyan, tí gbogbo ènìyàn mọ̀ sí Adé Love, ni a óò fi yẹ ìbéèrè kan wò: ta ni ó ni sinimá?

Ní 1976, òun ni olú ẹ̀dá ìtàn nínú Àjàní Ògún, ṣùgbọ́n Ọlá Balógun ni ó darí rẹ̀. Ní 1979, Adé Love fúnra rẹ̀ ni ó gbé Ìjà Òmìnira jáde, láti inú ìwé Adébáyọ̀ Fálétí, Ọmọ Olókùn Ẹṣin. Síbẹ̀ Balógun náà ni olùdarí. Ìgbà tí ó di 1980, ó fúnra rẹ̀ darí Kádàrá.

Òmìnira ni èyí, ṣùgbọ́n òmìnira olówó gọbọi ni. Òkè òkun ni wọ́n ń gbé fíìmù lọ fọ̀, owó ilẹ̀ òkèèrè ni wọ́n sì fi ń san án. Ẹ̀dà tí wọ́n ń mú bọ̀ kì í pọ̀. Olówó rẹ̀ ni yóò gbé e láti ìlú dé ìlú bí alárìnjó, tí yóò sì máa ṣọ́ ọ kí olè má baà dà á kọ. Láti 1986 tí náírà ti wó lulẹ̀, ẹrù náà wúwo ju orí lọ; ọ̀pọ̀ òṣèré yà sídìí fídíò.

Adé Love kú ní 1996. Ní 2009, Kúnlé ọmọ rẹ̀ ṣe bí bàbá: òun ni òṣèré, olùdarí àti olùgbéjáde The Figurine.

Ẹni tí ó ru ẹrù sinimá ni ó ni ín. Ẹni tí yóò jẹ oyin inú àpáta kì í wo ẹnu àáké.