Láti Orí Asọ̀rọ̀mágbèsì Dé Orí Fóònù

Inú kòtò omi kan ní ẹ̀gbẹ́ ọjà Ìkòtún ni ìtàn tí mo fẹ́ sọ yìí ti bẹ̀rẹ̀. Òjò ti rọ̀ láti òwúrọ̀ ọjọ́ náà, ẹni tí ó bá sì ti gbé Ìkòtún rí mọ bí ojú títì ibẹ̀ ti ń rí bí òjò bá dá. Bí mo ti fẹ́ sọ̀ kalẹ̀ nínú kẹ̀kẹ́ Máruwá, mo fò kí n má baà tẹ omi. Ẹsẹ̀ mi gúnlẹ̀ ire, ṣùgbọ́n fóònù tí ó wà ní àpò ẹ̀wù mi kò bá mi gúnlẹ̀. Kí n tó tọwọ́ bọ inú omi ẹlẹ́rẹ̀ náà kí n sì wá a kàn, ojú rẹ̀ ti ṣú dúdú. Mo tẹ̀ ẹ́ títí, kò dáhùn.

Bí ó bá jẹ́ pé fóònù nìkan ni, ǹ bá gbàgbé rẹ̀. Ṣùgbọ́n ohùn ìyá àgbà kan wà nínú rẹ̀. Ará Ìkòtún ni ìyá náà, ọmọ Àwórì pọ́ńbélé, mo sì ti jókòó tì í fún odindi ọjọ́ mẹ́ta tí mo ń gba ohùn rẹ̀ sílẹ̀ fún àpilẹ̀kọ tí mo gbọ́dọ̀ fi parí ẹ̀kọ́ mi. Ó lé ní wákàtí mẹ́rin. Ó sọ bí Ọlọ́fin àti àwọn ènìyàn rẹ̀ ti tẹ̀lé àwo tí ó ń léfòó lórí omi, àti bí àwo náà ti rì tí a fi ń pe ìran wọn ní Àwórì. Ìtàn yìí kì í ṣe tuntun fún wa. Ohun tí mo ń wá ni bí ó ti ń sọ ọ́, ní ẹ̀ka-èdè tí àwọn ọmọ-ọmọ rẹ̀ tí wọ́n jọ ń gbé inú ilé kan náà kò fi sọ̀rọ̀ mọ́. Oṣù méjì lẹ́yìn náà ìyá dolóògbé. Ojoojúmọ́ ni mo ń sọ fún ara mi pé n óò kó ohùn náà sórí kọ̀ǹpútà, n kò sì ṣe é. Nígbà tí àwo tèmi náà wá rì, mo mọ̀ pé ọ̀lẹ mi ni ó tì í.

Mo kọ́kọ́ lọ sí ṣọ́ọ̀bù kan tí ó ní pátákó ńlá lẹ́nu ọ̀nà. Ọ̀dọ́mọkùnrin tí ó dá mi lóhùn níbẹ̀ fi ọ̀wọ̀ sọ fún mi pé àwọn yóò pààrọ̀ bọ́ọ̀dù inú rẹ̀, fóònù yóò sì dà bí tuntun. Mo ní, "Ohùn inú rẹ̀ ńkọ́?" Ó ní èyíinì yóò bá bọ́ọ̀dù àtijọ́ lọ. Mo dúpẹ́, mo gba fóònù mi, mo jáde. Obìnrin kan tí ń ta káàdì nítòsí ni ó júwe Ẹnjiníà fún mi.

Ẹnjiníà ni gbogbo ènìyàn ń pè é. Ṣàṣà ni ẹni tí ó mọ orúkọ àbísọ rẹ̀. Yóò tó ẹni ogójì ọdún. Abẹ́ agboòrùn ńlá kan ni tábìlì rẹ̀ wà, láàárín àwọn tábìlì mìíràn bẹ́ẹ̀. Irin tí wọ́n fi ń yọ́ òjé wà lórí rẹ̀, ẹ̀rọ tí ń fẹ́ atẹ́gùn gbígbóná wà níbẹ̀, mítà, ìgò sípírítì, búrọ́ọ̀ṣì ìfọyín, àti awò tí ń sọ ohun kékeré di ńlá. Ó wò mí lójú, ó ní, "Àbúrò, ṣé o ti fi sínú ìrẹsì?" Mo ní bẹ́ẹ̀ ni, ẹ̀gbọ́n. Ó ní, "O ò bá ti sè é jẹ."

Bí ó ti ń tú u ni mo bi í léèrè ibi tí ó ti kọ́ṣẹ́. Ó ní àdúgbò Otigba ní Ìkẹjà ni, ní ọdún 2003, òun sì sin ọ̀gá òun fún ọdún mẹ́ta kí òun tó ṣe fírídọ̀mù. Rédíò àti tẹlifíṣọ̀n ni ọ̀gá náà ń tún ṣe kí fóònù tó dé; ẹni tí ó sì kọ́ ọ̀gá náà, rédíò nìkan ni ó ń tún ṣe ní Mushin. Ìdáhùn yìí bá mi lójijì. Èrò mi tẹ́lẹ̀ ni pé ọdún 2001 ni iṣẹ́ yìí já bọ́ láti ojú ọ̀run.

Ní ọdún 1886 ni wáyà abẹ́ òkun so Èkó pọ̀ mọ́ ìlú London. Kò pẹ́ púpọ̀ lẹ́yìn rẹ̀ tí tẹlifóònù fi wọ ọ́fíìsì ìjọba ní Èkó. Nǹkan ìjọba àti ti àwọn oníṣòwò ńlá ni. Bí ó bá bàjẹ́, òṣìṣẹ́ tí ìjọba ń san owó fún ni í wá tún un ṣe. Ní ọdún 1935, ìjọba bẹ̀rẹ̀ sí fi wáyà fa ohùn rédíò wọ ilé àwọn ènìyàn ní Èkó. Àpótí kan ni wọn a kàn mọ́ ògiri, onílé a sì máa san owó rẹ̀ lóṣooṣù. Àwọn baba wa wò ó, wọ́n rí i pé ó ń sọ̀rọ̀ láti àárọ̀ di alẹ́, bẹ́ẹ̀ ni a kò lè dá a lóhùn, wọ́n sì sọ ọ́ ní Asọ̀rọ̀mágbèsì. Nínú gbogbo orúkọ tí a ti fún ẹ̀rọ ní èdè wa, èmi kò tíì rí èyí tí ó dùn mọ́ mi tó o. Amóhùnmáwòrán dára, ṣùgbọ́n ó ní òórùn yàrá ìkẹ́kọ̀ọ́ díẹ̀. Asọ̀rọ̀mágbèsì, ẹnu ọ̀nà ilé ni a ti sọ ọ́.

Ẹ ṣàkíyèsí ohun kan níbẹ̀. Ẹni tí àpótí náà wà lára ògiri rẹ̀ kọ́ ni ó ni ín. Bí ó bá yadi, kò ní tú u, kò sì ní gbé e lọ bá ẹnikẹ́ni lójú ọjà. Àwọn tí ó ni ín ni yóò pè.

Ohun tí ó yí ọ̀ràn padà ni tíránsísítọ̀, tí àwọn onímọ̀ ní Amẹ́ríkà ṣe ní ọdún 1947. Nígbà tí ó fi di 1954 wọ́n ti ń ta rédíò tí ó ń lo ó, tí ó ń jẹ bátìrì, tí ènìyàn lè gbé kọ́ èjìká. Irú rédíò yìí, ẹni tí ó rà á ni ó ni ín. Bí ó bá kú, tirẹ̀ ni ó kú. Ìdí nìyí tí tábìlì alátùn-únṣe rédíò fi yọ ní ẹ̀gbẹ́ tábìlì àwọn tí ń tún aago ọwọ́ àti kẹ̀kẹ́ ṣe, tí àwọn ọmọdé sì ń lọ kọ́ṣẹ́ lọ́dọ̀ wọn.

Tẹlifóònù ní tirẹ̀ kò tètè bọ́ sí ọwọ́ ará ìta. Ìjọba dá NITEL sílẹ̀ ní ọdún 1985, síbẹ̀ títí di 2001, àpapọ̀ okùn tẹlifóònù ní gbogbo Nàìjíríà kò pé mílíọ̀nù kan, bẹ́ẹ̀ àwa ènìyàn ti ju ọgọ́rùn-ún mílíọ̀nù lọ. Ní oṣù kìn-ín-ní ọdún 2001 ni ìjọba ta ìwé àṣẹ GSM, 285 mílíọ̀nù dọ́là fún ẹyọ kan. Ní oṣù kẹjọ ọdún náà, Econet àti MTN bẹ̀rẹ̀ iṣẹ́. 50 náírà ni ìṣẹ́jú kan nígbà náà. Ẹni tí ó bá lo ìṣẹ́jú kan àti ìṣẹ́jú àáyá kan, ìṣẹ́jú méjì ni yóò san. Ní 2003 ni Globacom dé tí ó sì ń ka owó ní ìṣẹ́jú àáyá kọ̀ọ̀kan. Bí a ṣe ń kọ èyí, okùn tí ó ń ṣiṣẹ́ ti ju 150 mílíọ̀nù lọ.

Otigba, tí ó jẹ́ òpópónà ilé gbígbé lásán tẹ́lẹ̀, ti di ibi títa kọ̀ǹpútà láàárín àwọn ọdún 1990. Nígbà tí fóònù dé, ibẹ̀ ni ó wọ̀ sí, òun sì ni a ń pè ní Computer Village. Àwọn alátùn-únṣe rédíò tí ó gbọ́n kó irin wọn, wọ́n lọ síbẹ̀. Àwọn ọmọọṣẹ́ wọn gba òmìnira, wọ́n sì tú ká sí Ìkòtún, Ẹ̀gbẹ́dá, Ìgàndó àti ibi gbogbo. Ọwọ́ tí ó mọ òjé yíyọ́ nínú rédíò kò ṣẹ̀ṣẹ̀ máa kọ́ ọ nínú fóònù, bí ó tilẹ̀ jẹ́ pé ohun tí ó wà níwájú rẹ̀ ti kéré gan-an.

Èmi akẹ́kọ̀ọ́ èdè, etí mi kò lè ṣàì máa bá ẹnu wọn lọ. Fóònù a máa kú lọ́dọ̀ wọn, bátìrì a máa wú, bọ́ọ̀dù a máa mu iná ju bí ó ti yẹ lọ. Bí wọ́n bá sì tún un ṣe tán, wọn a ní ó ti jí. Mo bi Ẹnjiníà bí iṣẹ́ rẹ̀ bá jẹ́ jíjí fóònù. Ó yára wo ọ̀tún wo òsì, ó ní kí n jọ̀wọ́, kí n má sọ ọ́ bẹ́ẹ̀ mọ́ lójú ọjà.

N kò sọ pé gbogbo wọn ni ọwọ́ wọn mọ́. Àwọn kan wà tí wọn yóò gba fóònù tí ojú rẹ̀ fọ́, tí wọn yóò fi ojú tuntun sí i, ṣùgbọ́n tí bátìrì tí ó bá ọ padà wá kì í ṣe èyí tí ó bá ọ lọ. Ìdí nìyẹn tí àwọn oníbàárà fi ń dúró ti tábìlì bí ẹni tí ń ṣọ́ ata rẹ̀ nílé ìlọta. Èmi náà dúró.

Ohun tí ó mú iṣẹ́ tèmi le ni èyí. Nígbà kan rí, bí fóònù bá kú, ènìyàn a yọ mẹ́mọ̀rì rẹ̀ kì bọ inú òmíràn. Fóònù tèmi kò ní àyè mẹ́mọ̀rì. Inú ẹ̀yà kékeré kan tí a jó mọ́ bọ́ọ̀dù ni gbogbo nǹkan wà, a sì ti sọ ọ́ di àrokò. Ẹ̀yà mìíràn lórí bọ́ọ̀dù kan náà ni kọ́kọ́rọ́ tí ó ń tú àrokò náà wà. Bí a bá yà wọ́n nípá, kò sí ẹni tí yóò lè kà á. N kò bá àwọn tí ó ṣe é jà lórí èyí, nítorí bí olè bá gbé fóònù mi, n kò fẹ́ kí ó ka lẹ́tà mi. Ṣùgbọ́n àwọn kan nínú wọn ti gbé e kọjá ibẹ̀. Wọ́n ń fi nọ́ḿbà so ojú fóònù àti bátìrì mọ́ bọ́ọ̀dù kan ṣoṣo, tí ó fi jẹ́ pé bí a bá fi ti fóònù kan sí òmíràn, bí ó tilẹ̀ jẹ́ ojúlówó, fóònù a máa ráhùn, tàbí kí apá kan iṣẹ́ rẹ̀ dáwọ́ dúró. Lójú tèmi, ọgbọ́n àpótí ara ògiri ni wọ́n tún ń dá: o san owó rẹ̀, ó wà nílé rẹ, síbẹ̀ ẹlòmíràn ni ó lè ṣí i. Àwọn kan ti ń kọ̀ fún wọn. Ní ìpínlẹ̀ Oregon ní Amẹ́ríkà, gómìnà fọwọ́ sí òfin tí ó lòdì sí ìdè bẹ́ẹ̀ ní oṣù kẹta ọdún 2024. Ní Yúróòpù, láti oṣù kẹfà ọdún 2025, ẹni tí ó bá gbé irú fóònù tuntun wá sọ́jà gbọ́dọ̀ máa pèsè àwọn ẹ̀yà rẹ̀ fún ọdún 7 lẹ́yìn tí ó bá ti ṣíwọ́ títà á. Ẹnjiníà kò gbọ́ nípa Oregon rí. Ó ní bí òfin náà bá dé Ìkòtún kí n wá sọ fún òun.

Ó fi sípírítì àti búrọ́ọ̀ṣì fọ bọ́ọ̀dù náà. Ó fi mítà kàn án, mítà ké. Iná ń jò gba ibi kan lọ. Ó wá mú oje igi gbígbẹ, ó fi irin gbígbóná kàn án, ó jẹ́ kí èéfín rẹ̀ bà sórí bọ́ọ̀dù títí ó fi funfun bí ẹni da lẹ́búlẹ́bú sí i. Ó rọra fi iná díẹ̀ sí i. Lójú kan ṣoṣo, funfun náà yọ́. Abẹ́ ibẹ̀ ni ẹ̀yà kan wà tí kò tó hóró ọkà bàbà. Òun ni ó ti ṣọ́ọ̀tù. Ó fẹ́ atẹ́gùn gbígbóná sí i, ó mú un kúrò. Mo ní ṣé kò ní fi òmíràn rọ́pò rẹ̀? Ó ní ọ̀pọ̀ irú rẹ̀ ni ó ń ṣiṣẹ́ pọ̀ lórí ọ̀nà iná náà, pé bí ọ̀kan bá kúrò, àwọn yòókù yóò gbé e.

Ó so bátìrì mọ́ ọn. Ojú fóònù mọ́lẹ̀. N kò lè sọ̀rọ̀. Ẹnjiníà ní kí n ṣí ohun tí mo ń wá kí òun fi etí òun gbọ́. Mo ṣí ti ọjọ́ kìn-ín-ní. A gbọ́ ariwo jẹnẹrétọ̀ ilé kejì, a gbọ́ tí mo kọ́, lẹ́yìn náà ìyá àgbà náà bèèrè lọ́wọ́ mi pé, ṣé asọ̀rọ̀mágbèsì ọwọ́ mi yìí ń gbọ́ òun?

15,000 náírà ni Ẹnjiníà gbà. Nígbà tí mo fẹ́ máa lọ, ó di fóònù náà mú, ó ní ohun tí omi ti wọ̀ kò ṣeé fọkàn tán di alẹ́. Ó fa kọ̀ǹpútà rẹ̀ tí gíláàsì rẹ̀ ti sán jáde lábẹ́ tábìlì, ó so wáyà mọ́ fóònù, ó sì jẹ́ kí oníbàárà mẹ́ta dúró títí gbogbo wákàtí mẹ́rin náà fi kọjá tán.