Ibrahim Gambari: Bí Tíṣà Ìlọrin Ṣe Di Aṣojú Orílẹ̀-èdè

Ọ̀rọ̀ tí mo gbọ́ ní ọjà Ìpàtà, ní Ìlọrin Àfọ̀njá, ló mú mi jókòó ti àkójọ yìí. Alápatà kan gbé ọ̀bẹ dúró lórí ìhà màlúù, ó ní láti kékeré ni Ibrahim Gambari ti ń ṣe aṣojú ìjọba. Alhaji tó ń ná ẹran lọ́wọ́ rẹ̀ ní irọ́ ni, tíṣà ni. Nígbà tí mo dé ìdí ìwé, mo rí i pé bẹ́ẹ̀ gan-an ni àwọn òǹkọ̀wé náà ṣe ń takora.

Inú ìran ọba Fúlàní Ìlọrin ni wọ́n bí i sí, ní ọjọ́ 24 oṣù Bélú ọdún 1944, síbẹ̀ Agboola ni orúkọ tó tẹ̀ lé Ibrahim, bí ó ti ń rí ní ìlú tí èdè Yorùbá ti gba gbogbo agbo ilé. Ó kàwé ní London, ó gba oyè ọ̀mọ̀wé ní Yunifásítì Columbia ní 1974, ó sì ń kọ́ni kiri títí dé Zaria. Ìjọba Buhari fi í ṣe mínísítà ọ̀rọ̀ ilẹ̀ òkèèrè ní 1984. Ìfipágbàjọba 1985 ló gbé e kúrò.

Ilẹ̀kùn méjì ni iṣẹ́ aṣojú ní. Àwọn kan a wọlé ní ọ̀dọ́, wọn a máa gun àkàbà láti ipò akọ̀wé kẹta títí dé òkè. Àwọn mìíràn, olórí ìjọba ló ń fà wọ́n láti ìta. Ilẹ̀kùn kejì ni Gambari gbà, nítorí náà Alhaji ló jàre. Ṣùgbọ́n ẹni tó bá fẹ́ fi èyí bù ú kù, kí ó kọ́kọ́ bu Simeon Adebo ọmọ Ẹ̀gbá kù, ẹni tó ti ibi iṣẹ́ ìjọba Ìwọ̀-Oòrùn lọ ṣojú wa ní Àjọ Ìṣọ̀kan Àgbáyé láti 1962.

Ní 1990 ni Babangida rán Gambari lọ sórí àga kan náà ní New York, ibẹ̀ ni ó sì wà títí di 1999, tí Babangida lọ, tí Shonekan dé, tí Abacha já ìjọba gbà, tí Abdulsalami gbé e fún Obasanjo, tí òun kò ṣípò padà. Oṣù Ẹ̀bìbì 1994 ni n óò dúró lé lórí. Ní ọjọ́ 21 oṣù Igbe, nígbà tí wọ́n ń fi àdá ṣá àwọn Tutsi ní Rwanda bí ẹni ń ṣánko, Ìgbìmọ̀ Ààbò Àjọ Ìṣọ̀kan Àgbáyé dín ọmọ ogun alálàáfíà tó wà níbẹ̀ kù sí 270. Nàìjíríà, tó wà nínú Ìgbìmọ̀ náà nígbà yẹn, ti bẹ̀bẹ̀ pé kí wọ́n fi kún un ni, ṣùgbọ́n nígbà tí ìbò dé, gbogbo ọwọ́ ló ròkè, tiwa pẹ̀lú. Lóṣù Ẹ̀bìbì, ipò alága, tó máa ń yí ká lóṣooṣù, kan Gambari. Ní ọjọ́ 17, lábẹ́ rẹ̀, Ìgbìmọ̀ náà pa ohùn dà, ó ní kí wọ́n tó 5,500. Kí púpọ̀ wọn tó dé, ìpakúpa ti parí.

Àwọn kan ṣì ń bi í léèrè ọ̀rọ̀ oṣù Bélú 1995, nígbà tí Abacha yẹgi fún ajàfẹ́tọ̀ọ́ Ken Saro-Wiwa àti àwọn mẹ́jọ mìíràn, tí Gambari sì ń gbèjà ìjọba náà. Bí a bá rán ni níṣẹ́ ẹrú, a fi tọmọ jẹ́ ẹ. N kò ní lọ jìnnà níbẹ̀.

Lẹ́yìn 1999 ó di ọ̀kan nínú àwọn igbákejì akọ̀wé àgbà Àjọ Ìṣọ̀kan Àgbáyé, ó jíṣẹ́ wọn dé Angola, Myanmar àti Darfur. Ní 2020, Buhari tún pè é, ó fi í ṣe olórí òṣìṣẹ́ ọ́fíìsì ààrẹ, títí di 2023.