Ìtumọ̀ àti Orísun Ọ̀rọ̀ náà 'Ọdẹ'

Láti ara 'dẹ' ni a ti ṣẹ̀dá 'ọdẹ'. A ń dẹ ìgbẹ́, a ń dẹ odò, a sì ń dẹ pàkúté sílẹ̀ de ẹran. Kò sí 'pa' nínú orúkọ náà; sùúrù àti ojú tí kì í sùn ni ìpìlẹ̀ rẹ̀. Ìdí nìyí tí ẹni tí ń ṣọ́ ìlú lóru fi ń jẹ́ ọdẹ, bí kò tilẹ̀ pa ẹran kankan. Àwọn èèyàn wa tí a kó lẹ́rú gbé ọ̀rọ̀ náà dé Bràsíl, níbi tí wọ́n ti ń fi Ọdẹ pe Ọ̀ṣọ́ọ̀sì dòní. Ọrun àti ọfà ni òrìṣà náà gbé lọ́wọ́. Bí a bá gbàgbé èyí, ayìnbọn lásán ni ọdẹ yóò jẹ́ lójú àwọn ọmọ wa.