Ọkọ̀ Tí A Kò Rí Gùn

Ẹni tí ó bá dúró ní Ìta Tinúbú ní Èkó fún wákàtí kan yóò rí ọkọ̀ Jámánì, ti Japan, ti Amẹ́ríkà àti ti Ṣáínà. Àwa a máa bèèrè ẹni tí ó ni ọkọ̀. Ẹni tí ó kọ́kọ́ fi gègé yà á sórí ìwé ni a kì í bèèrè. Ẹ jẹ́ kí a gbé ìtàn ọ̀kan nínú wọn yẹ̀wò, nítorí ọ̀rọ̀ rẹ̀ kan àwa náà.

New York ni a bí McKinley Thompson sí ní 1922, ọmọ adúláwọ̀ Amẹ́ríkà ni. Ọmọ ọdún méjìlá ni nígbà tí ó rí ọkọ̀ DeSoto Airflow kan ní òpópónà, láti ọjọ́ náà ni ọkàn rẹ̀ ti fà sí iṣẹ́ yíya ọkọ̀. Ní 1953 ó borí nínú ìdíje ìwé ìròyìn Motor Trend, èrè rẹ̀ sì ni ẹ̀kọ́ ọ̀fẹ́ ní Art Center ní Kalifóníà. Ní 1956 ó di adúláwọ̀ àkọ́kọ́ tí ó ń ya ọkọ̀ ní ilé-iṣẹ́ Ford. Ó wà lára àwọn tí àwòrán wọn bí Bronco, tí ó jáde ní 1965.

Ṣùgbọ́n ọkọ̀ tí ó jẹ ẹ́ lọ́kàn jù ni Warrior. Ike líle tí a ń pè ní Royalex ni ara rẹ̀. Ó fúyẹ́, kì í sì í dípẹtà. Àwọn orílẹ̀-èdè tí ó ṣẹ̀ṣẹ̀ ń dìde, bí tiwa, ni ó yà á fún. Ó fẹ́ kí a kọ́ ilé-iṣẹ́ sí àárín wọn, kí àwọn ọmọ ibẹ̀ máa ṣe ike náà, kí wọn máa to ọkọ̀, kí wọn sì máa fi ike kan náà ṣe ọkọ̀ ojú omi. Ford kọ́kọ́ tì í lẹ́yìn, ṣùgbọ́n ó yọwọ́ ní 1967. Thompson fúnra rẹ̀ ṣe ọ̀kan parí ní Detroit ní 1969. Ó wá ẹni tí yóò yá a lówó kiri, kò rí. Ní 1979 ó fi í sílẹ̀. Ó kú ní 2006. Ọkọ̀ kan ṣoṣo náà wà ní ilé-ìṣẹ̀ǹbáyé Henry Ford.

Kí ni àwa ń ṣe nígbà náà? Ní 1975, Peugeot bẹ̀rẹ̀ sí í to ọkọ̀ ní Kàdúná, Volkswagen ní Èkó. Òkè òkun ni àwòrán àti ọ̀pọ̀ ẹ̀yà rẹ̀ ti ń wá. Nígbà tí owó òkèèrè wọ́n ní àwọn ọdún 1980, ẹ̀yà kò tó mọ́, iṣẹ́ sì rọ. Ṣòkòtò àgbàbọ̀ ni: bí kò fún ni lẹ́sẹ̀, a ṣo ni.

Kì í ṣe pé ọwọ́ wa kò mọ iṣẹ́. Káfíńtà wa ni ó kan pákó bọ́lẹ̀kájà. Àwọn wẹ́dà Èkó ni ó sọ ọkọ̀ ẹrù Mercedes 911 di mólùè. Jelani Aliyu, ọmọ Ṣókótó, sì wà lára àwọn tí ó ya Chevrolet Volt ní Amẹ́ríkà.

Owó ni Thompson kò rí, kì í ṣe ọgbọ́n. Orúkọ oníṣòwò ńlá, Efúnróyè Tinúbú, ni Ìta Tinúbú ń jẹ́. Ibẹ̀ ni Báńkì Àpapọ̀ ti darí owó Nàìjíríà fún ọdún púpọ̀ kí olú-ilé rẹ̀ tó lọ sí Àbújá, àwọn báńkì mìíràn sì wà nítòsí rẹ̀. Bí ọ̀dọ́ kan bá gbé àwòrán ọkọ̀ tirẹ̀ wọ ọ̀kan nínú wọn lónìí, ǹjẹ́ wọn yóò tilẹ̀ ṣí ìwé náà wò? Ẹ̀yin tí ẹ óò jókòó sí orí àga wọnnì lọ́la, ọwọ́ yín ni ìdáhùn wà.