Gbà-má-bínú

Bí ìjọba bá gba ilẹ̀ onílẹ̀ láti la títì, owó tí wọ́n ń san là ń pè ní owó gbà-má-bínú. Ẹ tú ọ̀rọ̀ náà wò: "gbà, má bínú." Ẹ̀bẹ̀ ló wà nínú rẹ̀, kì í ṣe iye ọjà. Ẹni tó ra iṣu kì í bẹ oníṣu pé kó má bínú. Owó iṣu ló ń san.

Ó dùn mí pé Òfin Lílo Ilẹ̀ ti ọdún 1978 ní Nàìjíríà bá orúkọ yìí mu. Abala 29 ní kí wọ́n sanwó ilé àti irè oko tó wà lórí ilẹ̀. Ilẹ̀ fúnra rẹ̀ ńkọ́? Kìkì iye owó ìlò ilẹ̀ tí onítọ̀hún san lọ́dún tí wọ́n gba ilẹ̀ náà ni, bó bá san rárá. Abala 47 tún ní kí ilé ẹjọ́ kankan má ṣe yẹ̀ ẹ́ wò bóyá owó náà tó.

Lójú tèmi, owó àfidípò ló tọ́: èyí tó lè ra ilẹ̀ mìíràn. Ẹ jọ̀wọ́, ẹ béèrè ohun tí wọ́n díyelé kí ẹ tó fọwọ́ sí ìwé.