Èdè Tí Kò Gún: Amos Tutuola, Àwọn Aṣọ̀tẹ̀ Òǹkọ̀wé Amẹ́ríkà àti Àwọn Lámèyítọ́ Wọn, 1952–1979

1. Ìfáàrà

Ohun tí bébà yìí dá lé lórí ni ojú tí àwọn lámèyítọ́ fi wo iṣẹ́ Amos Tutuola, àti bí a ṣe lè fi í wé ojú tí wọ́n fi wo àwọn òǹkọ̀wé Amẹ́ríkà kan tí wọ́n kẹ̀yìn sí òfin èdè àti ti àwùjọ ní sáà kan náà. A kò fipá so wọ́n pọ̀. Ilé ìtẹ̀wé Grove Press ní New York, tí ó tẹ The Palm-Wine Drinkard fún àwọn ará Amẹ́ríkà ní 1953, náà ni ó tẹ Naked Lunch ti William Burroughs fún wọn ní 1962. Ìbéèrè wa ni pé, bí èdè ìwé kan kò bá bá òfin mu, kí ni lámèyítọ́ fi ń mọ̀ bóyá ọgbọ́n ni tàbí àìmọ̀?

2. Ìyìn ní òkèèrè, ìtìjú ní ilé

Abẹ́òkúta ni a ti bí Tutuola ní 1920. Nǹkan bí ọdún mẹ́fà péré ni ó lò ní ilé ìwé. Ó ṣe iṣẹ́ alágbẹ̀dẹ lábẹ́ àwọn ọmọ ogun òfurufú Gẹ̀ẹ́sì nígbà Ogun Àgbáyé Kejì. Lẹ́yìn náà ni ó di ìránṣẹ́ ní ọ́fíìsì ìjọba ní Èkó. Nígbà tí Faber and Faber tẹ ìwé rẹ̀ ní London ní 1952, wọ́n fi púpọ̀ nínú èdè rẹ̀ sílẹ̀ bí ó ti wà. Wọ́n tilẹ̀ tẹ àwòrán ojú ewé kan nínú ìwé àfọwọ́kọ rẹ̀ kí òǹkàwé lè fi ojú ara rẹ̀ rí i. Akéwì Dylan Thomas yìn ín gidigidi nínú ìwé ìròyìn Observer lọ́dún náà.

Ní ilé, ọ̀rọ̀ kò rí bẹ́ẹ̀. Nínú ìwé ìròyìn West Africa ní 1954, àwọn kan kọ lẹ́tà pé irú Gẹ̀ẹ́sì bẹ́ẹ̀ yóò mú kí àwọn òyìnbó fojú òpè wo gbogbo wa, àti pé Tutuola yá nǹkan lọ́wọ́ Fágúnwà. Ìbáwí yìí wọ̀ ọ́ lára tó bẹ́ẹ̀ tí ó fi lọ kẹ́kọ̀ọ́ sí i ní ilé ẹ̀kọ́ alẹ́.

3. Ẹjọ́ àwọn ará Amẹ́ríkà

Àwọn ará Amẹ́ríkà náà jẹ ìyà tiwọn. Ní 1957, wọ́n gbé Howl ti Allen Ginsberg lọ sí kóòtù ní San Francisco pé ìwé ìsọkúsọ ni. Àwọn olùkọ́ lítíréṣọ̀ jẹ́rìí sí iyì rẹ̀, adájọ́ Clayton Horn sì dá a láre. Ní 1958, Norman Podhoretz bu ẹnu àtẹ́ lu Jack Kerouac àti àwọn ẹgbẹ́ rẹ̀ pé wọ́n sọ àìmọ̀ di ohun àmúyangàn.

Ṣùgbọ́n ìyàtọ̀ kan wà. Ginsberg jáde ní Columbia, Burroughs sì jáde ní Harvard. Lámèyítọ́ tí ó bá fẹ́ gbè wọ́n lè sọ pé wọ́n mọ òfin kí wọ́n tó rú u. Kò sí ẹni tí yóò sọ bẹ́ẹ̀ fún ìránṣẹ́ ọ́fíìsì. Ìwé ẹ̀rí òǹkọ̀wé ni wọ́n ń kà, wọn kò ka iṣẹ́ rẹ̀.

4. Èdè tí ó wà lábẹ́ èdè

Adébísí Afọláyan ni ó la ọ̀nà mìíràn ní 1971. Ó fi hàn pé Gẹ̀ẹ́sì Yorùbá ni èdè Tutuola: Gẹ̀ẹ́sì ni aṣọ, ìhun Yorùbá ni ara. Ẹ jẹ́ kí a fi àpẹẹrẹ tiwa gbè é lẹ́sẹ̀. Yorùbá a máa wí pé, ‘Mo gbọ́ òórùn.’ Ẹni tí ó bá gbé e sí Gẹ̀ẹ́sì báyìí, etí ni yóò dà bí ẹni pé ó fi gbọ́ ọ. Ará London yóò pe èyí ní àrà. Olùkọ́ gírámà yóò pè é ní àṣìṣe. Ọmọ Yorùbá mọ̀ pé ọ̀rọ̀ ojoojúmọ́ ni. Kọ́lá Ògúnmọ́lá ti fi èyí hàn lórí ìtàgé ní Ìbàdàn ní 1963, nígbà tí ó dá ìtàn náà padà sí Yorùbá. Ìtàn kan náà tí àwọn kan ń tìjú rẹ̀ ní Gẹ̀ẹ́sì ni àwọn ènìyàn ń wò tayọ̀tayọ̀ ní èdè wọn.

Ó yẹ kí a bi irú ìbéèrè yìí nípa Kerouac pẹ̀lú. Faransé àwọn ará Kánádà ni ó kọ́kọ́ gbọ́ nílé ní Lowell kí ó tó gbọ́ Gẹ̀ẹ́sì.

5. Ìgúnlẹ̀

Àwọn tí ó yin Tutuola àti àwọn tí ó bú u, àṣìṣe kan náà ni wọ́n ṣe: wọ́n fi Gẹ̀ẹ́sì nìkan wọn ohun tí Yorùbá hun. Èyí ṣeé ṣe kí ó yé wa fún ti òyìnbó tí kò gbọ́ èdè wa. Àwọn Yorùbá tí ó kọ lẹ́tà ní 1954 gbọ́ ọ dáadáa, síbẹ̀ wọn kò fi gbèjà ọmọ ìyá wọn. Yunifásítì Ifẹ̀ pè é ní 1979 gẹ́gẹ́ bí àlejò olùwádìí. Ó sì kú ní 1997. Iṣẹ́ tí ó kù sí wa lọ́wọ́ ni kí a má ṣe dá ẹjọ́ irú òǹkọ̀wé bẹ́ẹ̀ láìkọ́kọ́ tẹ́tí sí èdè tí ó fi ronú.