Àlìkámà, Ìrèké àti Kinamọ́nì: Ìtàn Bisikíìtì Olóòórùn Dídùn ní Ilẹ̀ Mẹ́síkò

Bisikíìtì kan wà ní ilẹ̀ Mẹ́síkò tí wọ́n ń pè ní puerquito, èyí tí í ṣe 'ẹlẹ́dẹ̀ kékeré' ní èdè Sípéènì, nítorí pé àwòrán ẹlẹ́dẹ̀ ni wọ́n ń gé e sí. Piloncillo, èyíinì ni ṣúgà ìrèké tí a kò yọ́ mọ́, ni wọ́n ń fi sí i, pẹ̀lú ọ̀rá ẹlẹ́dẹ̀, ìyẹ̀fun àlìkámà, kinamọ́nì àti èso ánísì. Oúnjẹ ìbílẹ̀ ni wọ́n kà á sí, ìpè náà sì tọ̀nà bí 'ìbílẹ̀' bá túmọ̀ sí ohun tí ó ti pẹ́ lọ́wọ́ ìdílé. Ṣùgbọ́n kí Hernán Cortés tó gúnlẹ̀ ní 1519, kò sí àlìkámà, kò sí ìrèké, kò sí ẹlẹ́dẹ̀ ọ̀sìn, kò sì sí kinamọ́nì ní ilẹ̀ náà. Àgbàdo ni oúnjẹ wọn. Ìbéèrè tí ó yẹ kí òpìtàn bi ara rẹ̀ ni pé, ọwọ́ ta ni àwọn nǹkan wọ̀nyí ti dé inú àwo?

Ní ti àlìkámà, ìdáhùn rẹ̀ kì í ṣe èyí tí ọ̀pọ̀ ń retí. Ọmọ bíbí ilẹ̀ Áfíríkà ni Juan Garrido. Ó gba Lisbon kọjá sí Sípéènì, ó bá àwọn ajagun Sípéènì lọ sí àwọn erékùṣù Kàríbíánì, ó sì bá Cortés dé Mẹ́síkò. Ní 1538 ó kọ̀wé ẹ̀bẹ̀ sí ọba Sípéènì pé kí wọ́n san ẹ̀san iṣẹ́ òun fún òun. Nínú ìwé náà ni ó ti sọ pé òun ni ẹni àkọ́kọ́ tí ó gbin àlìkámà ní ilẹ̀ náà. Nígbà tí Francisco López de Gómara gbé ìtàn rẹ̀ jáde ní 1552, ọ̀rọ̀ náà ti yí padà: ó di 'ènìyàn dúdú Cortés kan' tí ó ṣèèṣì rí hóró àlìkámà mẹ́ta nínú àpò ìrẹsì. Ìyàtọ̀ ìtàn méjèèjì kì í ṣe kékeré. Nínú ọ̀kan, ọmọ ìlú tí ó ń béèrè ẹ̀tọ́ rẹ̀ ni ó gbin irúgbìn. Nínú èkejì, ìránṣẹ́ tí oríire bá pàdé ni. Gómara kò tilẹ̀ fi ẹsẹ̀ tẹ ilẹ̀ Mẹ́síkò rí. Ẹnu oníkàn ni a ti ń gbọ́ pọ́ùn. Ìwé 1538 ni ó yẹ kí ó lékè.

Ìrèké kò ní irú onígbèjà bẹ́ẹ̀. Cortés fúnra rẹ̀ dá ilé ìfúnrèké sílẹ̀ ní agbègbè Cuernavaca, àwọn ẹrú tí a kó láti Áfíríkà sì wà lára àwọn tí ó ṣiṣẹ́ níbẹ̀. Kinamọ́nì ní tirẹ̀ ti Ceylon wá, tí orúkọ rẹ̀ ń jẹ́ Sri Lanka nísinsìnyí; díẹ̀ gba Sípéènì kọjá, díẹ̀ sì bá àwọn ọkọ̀ ojú-omi tí ó ń ná Manila sí Acapulco láti 1565 títí di 1815. Títí di òní, Mẹ́síkò wà lára àwọn tí ó ń ra kinamọ́nì Sri Lanka jù lọ.

Ààrò ni ó kù. Nínú ilé ọ̀pọ̀ ènìyàn, àwo amọ̀ pẹrẹsẹ tí wọ́n ń pè ní comal ni wọ́n ń gbé ka iná láti fi dín tortilla. Kò sí ààrò búrẹ́dì. Ilé àwọn obìnrin ajẹ́jẹ̀ẹ́ Kátólíìkì ní irú ààrò bẹ́ẹ̀, orúkọ ilé Santa Clara ní Puebla sì ṣì wà lára bisikíìtì kan di òní olónìí. Ilé búrẹ́dì náà ní i, ṣùgbọ́n ibi ìnira ni: ní ìlú Mexico ní ọ̀rúndún 18, wọ́n a máa ti ilẹ̀kùn mọ́ àwọn òṣìṣẹ́ inú rẹ̀, wọ́n a sì máa rán ọ̀daràn lọ síbẹ̀ láti lọ fi iṣẹ́ san ìjìyà. Òfin Àtúnṣe fòpin sí ilé àwọn obìnrin ajẹ́jẹ̀ẹ́ ní 1863. Àlìkámà kò sì bọ́ lọ́wọ́ ìgbéraga: ní 1899 Francisco Bulnes kọ ọ́ sínú ìwé pé àwọn tí ń jẹ àlìkámà ga ju àwọn tí ń jẹ àgbàdo lọ. Kò dárúkọ ẹni tí ó gbin ín.

Nítorí náà, yíyan bisikíìtì nínú ilé lásán kò lè pẹ́ tó bí a ti ń rò. Ìgbà tí sítóòfù tí ó ní ààrò nínú di ohun tí apá mẹ̀kúnnù ká, ní ọ̀rúndún 20, ni ó tó gbilẹ̀. Ọ̀nà tí wọ́n ń gbà ṣe puerquito fúnra rẹ̀ jẹ́rìí sí i. Wọ́n a kọ́kọ́ yọ́ piloncillo nínú omi gbígbóná pẹ̀lú igi kinamọ́nì àti ánísì, wọ́n a jẹ́ kí ó tutù, kí ó má baà yọ́ ọ̀rá. Lẹ́yìn náà ni wọ́n ń pò ó mọ́ ìyẹ̀fun, ọ̀rá, ẹyin àti sódà. Sódà yìí ni ẹ̀rí. Kò tàn dé ilé ìdáná ṣáájú ọ̀rúndún 19, nítorí náà puerquito tí ó wú, tí ó sì rọ̀, kò lè jẹ́ ti ayé Cortés, ohun yòówù tí àwọn tí ń tà á lè máa wí.

Ní ìhà àríwá, ilẹ̀ New Mexico bọ́ sọ́wọ́ Amẹ́ríkà nípa àdéhùn Guadalupe Hidalgo ní 1848, ṣùgbọ́n àwọn ìdílé ibẹ̀ kò fi biscochito wọn sílẹ̀, bisikíìtì tí ó ní ánísì nínú, tí wọ́n sì ń fi ṣúgà àti kinamọ́nì wọ́n lójú. Ní 1989 ìjọba ìpínlẹ̀ náà sọ ọ́ di bisikíìtì ìpínlẹ̀ lábẹ́ òfin, èyí tí ìpínlẹ̀ Amẹ́ríkà kankan kò ṣe rí ṣáájú rẹ̀. Àríyànjiyàn tí ó ṣì wà láàrin àwọn ìyá ilé ibẹ̀ kò kan òfin rárá: bóyá ẹni tí ó fi bọ́tà rọ́pò ọ̀rá ẹlẹ́dẹ̀ ṣì lè pè é ní biscochito.